Èémí adìyẹ ti wà kí adìyẹ tó dáyé

Ẹni tó bá ti kun adìyẹ rí mọ̀ pé fùkù rẹ̀ kì í fà jáde wẹ́rẹ́ bíi ti ewúrẹ́. Ó kéré, ó pupa, ó sì há sáàárín egungun ìhà débi pé ìka la fi ń họ ọ́ kúrò, tí àpá egungun á sì hàn lára rẹ̀ gbọọrọgbọọrọ. Fùkù tó há báyìí kò lè wú. Báwo wá ni adìyẹ ṣe ń mí?

Fùkù tiwa ń wú, ó sì ń fọ̀. Ọ̀nà tí afẹ́fẹ́ gbà wọlé náà ló ń gbà jáde, ìdí nìyí tí èémí tuntun fi máa ń pàdé ògbólógbòó tó ṣẹ́kù sínú. Lára ẹyẹ, àwọn àpò afẹ́fẹ́ ló ń ṣe iṣẹ́ wíwú àti fífọ̀, bí ẹwìrì alágbẹ̀dẹ. Mẹ́sàn-án ni wọ́n lára ọ̀pọ̀ ẹyẹ, àwọn kan níwájú, àwọn kan lẹ́yìn. Bí adìyẹ bá mí sínú, èyí tó pọ̀ nínú afẹ́fẹ́ tuntun á lọ tààrà sínú àwọn àpò ẹ̀yìn. Bó bá mí síta, afẹ́fẹ́ yẹn á kúrò lẹ́yìn, á wọ inú fùkù. Bó bá tún mí sínú lẹ́ẹ̀kejì, á ti fùkù bọ́ sínú àwọn àpò iwájú, ìmísíta kejì ni yóò sì lé e jáde. Èémí méjì gbáko ni afẹ́fẹ́ kan fi ń rìn, apá kan náà ló sì ń kọrí sí nínú fùkù. Yálà ẹyẹ ń mí sínú ni o, tàbí síta, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń rí ọ́síjìn gbà.

Èrè rẹ̀ pọ̀. Ní ọjọ́ 29 oṣù Kọkànlá ọdún 1973, igún Rüppell kan kọlu ọkọ̀ òfurufú lókè Abidjan, ní nǹkan bí mítà 11,300 sókè. Níbẹ̀, èèyàn tí kò ní ọ́síjìn lẹ́nu á dákú kíákíá.

Èèyàn lè rò pé nítorí fífò ni ẹyẹ ṣe ní irú èémí yìí. Egungun dáínósọ̀, ẹranko ayé àtijọ́, sọ nǹkan mìíràn. Lóòótọ́, àpò afẹ́fẹ́ máa ń jẹrà, kì í di òkúta, ṣùgbọ́n ó ń na ẹ̀ka wọ inú egungun, ihò tó gbà wọlé kì í sì í parẹ́. Lọ́dún 2005, àwọn onímọ̀ méjì, Patrick O'Connor àti Leon Claessens, fi egungun ẹ̀yìn Majungasaurus wé ti ẹyẹ. Dáínósọ̀ ńlá tó ń jẹ ẹran ni, Madagásíkà ló gbé, kò sì fò rí. Síbẹ̀, ihò wà lára egungun ọrùn rẹ̀ níbi tí àpò iwájú ń gbà wọlé lára ẹyẹ, ó sì wà nísàlẹ̀ ẹ̀yìn níbi tí àpò ẹ̀yìn ń gbà. Ẹ̀rí tó wú ni lórí gan-an ni, torí pé àpò iwájú àti ti ẹ̀yìn ni ẹyẹ fi ń darí afẹ́fẹ́.

Àwọn dáínósọ̀ ọlọ́rùn gígùn ní irú ihò bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú. Lára Nigersaurus, tí wọ́n wú nínú aṣálẹ̀ orílẹ̀-èdè Niger, egungun ẹ̀yìn fẹ́lẹ́ gan-an, afẹ́fẹ́ ló kún inú rẹ̀. Giraffatitan ti Tanzania, tí egungun rẹ̀ dúró ní mùsíọ́mù Berlin, ga ju mítà 13 lọ. Kì í ṣe pé irú ọrùn bẹ́ẹ̀ ń mú kí ara wúwo nìkan ni, afẹ́fẹ́ tó ń kún ọ̀nà ọ̀fun rẹ̀ tí kò ní dé fùkù tún pọ̀. Àpò afẹ́fẹ́ ran an lọ́wọ́ níhà méjèèjì.

Ẹ̀ka dáínósọ̀ kan ṣoṣo ló la ìparun mílíọ̀nù 66 ọdún sẹ́yìn já, ẹyẹ sì ni. Ìbátan tó sún mọ́ wọn jù láàyè lónìí ni ọ̀nì àti aligétọ̀. Lọ́dún 2010, àwọn onímọ̀ ní Amẹ́ríkà wọn bí afẹ́fẹ́ ṣe ń rìn nínú fùkù aligétọ̀, wọ́n sì rí i pé apá kan náà lòun náà ń kọrí sí. Bẹ́ẹ̀ aligétọ̀ kò ní àpò afẹ́fẹ́ kankan, ihò kò sì sí lára egungun ẹ̀yìn rẹ̀. Ó jọ pé baba ńlá tó bí ọ̀nì àti dáínósọ̀ ló ni ìrìn afẹ́fẹ́ yìí, tí àpò wá yọ ní ìhà dáínósọ̀ lẹ́yìn tí ìdílé ti pín.