Ọjọ́ tí wọ́n tẹ ìlú sọ́mìlì dó ni wọ́n ti mọ ọjọ́ tí yóò tú

Ohun tí wọ́n sábà máa ń sọ nípa àwọn ìlú sọ́mìlì, ìyẹn ìlú tí ilé iṣẹ́ tó ń la pákó tẹ̀ dó, ní gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà ni pé àìmọ̀kan ló pa wọ́n: wọ́n gé igi títí, igi sì tán mọ́ wọn lọ́wọ́ lójijì. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Kí wọ́n tó kan ìṣó àkọ́kọ́ ni àwọn tó ni ilé iṣẹ́ ti mọ iye ọdún tí ìlú náà yóò lò láyé.

Ìṣirò rẹ̀ kò le. Ní Louisiana àti ìlà-oòrùn Texas, láàárín 1890 sí 1920, igi páìnì eléwé gígùn ni wọ́n ń lé kiri. Ègé pákó tó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà kan, tó fẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà kan, tó sì nípọn ní ínǹṣì kan ni òṣùwọ̀n wọn. Ká ní igi orí éékà kan tó 10,000 ègé, tí sọ́mìlì sì ń la 100,000 lóòjọ́: éékà mẹ́wàá ló ń jẹ lójúmọ́. Fún ọjọ́ 300 lọ́dún, ó di 3,000 éékà. Bí ilé iṣẹ́ bá ra 60,000 éékà, ogún ọdún ni ẹ̀mí ìlú.

Kí ló wá dé tí wọn kò fi rọra gé e? Ibí ni ọ̀rọ̀ wà.

Igbó yẹn kì í ṣe oko, àká ni. Igi tó wà níbẹ̀ ti lo 200, 300 ọdún kí ayùn tó kàn án. Ẹ wá wo ẹni tó yá owó ra àká tó kún fún iṣu. Olówó ń gba èlé lọ́wọ́ rẹ̀. Ìjọba ń wá lọ́dọọdún, wọ́n ń ka gbogbo iṣu tó ṣì wà nínú àká, wọ́n sì ń gba owó orí lórí rẹ̀. Èyí tó bá ti jẹ, kò sí owó orí lórí rẹ̀ mọ́. Èbù tó fẹ́ fi pamọ́ fún ẹ̀ẹ̀rùn tó ń bọ̀ pàápàá, wọ́n á kà á mọ́ iṣu. Ta ni kò ní yára jẹ ẹ́ tán? Bí ọ̀rọ̀ igi òòró ṣe rí nìyẹn: gbèsè láti ẹ̀yìn, owó orí láti iwájú. Ìkánjú náà ti wà nínú òfin àti nínú ìwé gbèsè kí ayùn tó bẹ̀rẹ̀.

Inú sọ́mìlì gan-an kò ní wàhálà púpọ̀. Wọ́n á da gẹdú sínú adágún omi kí iyanrìn ara rẹ̀ lè ṣàn kúrò, torí iyanrìn ló ń tètè pa eyín ayùn, omi kì í sì í jẹ́ kí kòkòrò jẹ gẹdú. Ayùn náà rí bí ìgbànú irin tó ń yí lórí àgbá méjì. Láàárín wákàtí mélòó kan, wọ́n á tú u, wọ́n á fi òmíràn sí i. Ẹni tó ń pọ́n ọn wà lára àwọn tó ń gba owó jù, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀, torí ayùn tí kò mú dáadáa á máa rìn wọ́wọ́, pákó á bàjẹ́. Èérún igi àti èèpo rẹ̀ ni wọ́n ń dá iná bọ́ílà, kò sí pé à ń ra èédú. Ọgbọ́n ńlá ni èyí.

Inú igbó ni ìparun ti ń ṣẹlẹ̀. Ẹ̀rọ alágbára ooru omi kan máa ń dúró lórí ojú irin, á na okùn wáyà sínú igbó, á sì wọ́ gẹdú bọ̀ láti ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹsẹ̀ bàtà. Gbogbo igi kékeré tó bá wà lójú ọ̀nà okùn yẹn ló ń wó. Èyí tó bá ṣẹ́ kù di ti ẹlẹ́dẹ̀. Ọmọ páìnì eléwé gígùn máa ń fi ọdún mélòó kan jọ ìdì koríko kó tó nà sókè; lásìkò yẹn, èèpo gbòǹgbò rẹ̀ dùn mọ́ ẹlẹ́dẹ̀ tó ń jẹ̀ kiri, wọ́n á hú u jẹ.

Ilé iṣẹ́ kan náà ló ni ilé gbígbé, ṣọ́ọ̀bù àti oníṣègùn. Ní ibòmíràn, owó tí ṣọ́ọ̀bù ilé iṣẹ́ nìkan ń gbà ni wọ́n fi ń san owó iṣẹ́. Nígbà tí igi bá tán, wọ́n á ká ojú irin, wọ́n á ta ẹ̀rọ, wọ́n á tú ilé tà. Ohun tó burú jù lójú tèmi ni pé ẹni tó ń gbé gẹdú kò sí níbi tí wọ́n ti ṣe ìṣirò ogún ọdún yẹn.

Àwọn kan bọ́. Ní Urania, ìlú sọ́mìlì kan ní Louisiana, Henry Hardtner tó ni ilé iṣẹ́ ibẹ̀ bá ìjọba Louisiana ṣe àdéhùn ní 1913 lórí owó orí ilẹ̀ tó fẹ́ fi igi sí lẹ́ẹ̀kan sí i. Ní 1915, wọ́n fi ọgbà yí àwọn abala ilẹ̀ kan ká níbẹ̀ kí ẹlẹ́dẹ̀ má baà wọlé, kí wọ́n lè fi wé èyí tí kò ní ọgbà. Bogalusa, ìlú mìíràn ní Louisiana tí sọ́mìlì rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní 1908, ń la tó mílíọ̀nù kan ègé lọ́jọ́ tó bá ṣe dáadáa. Ẹ fi ìṣirò òkè wò ó: 100 éékà lójúmọ́. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í gbin igi ní 1920, síbẹ̀ sọ́mìlì náà kógbá sílé ní 1938. Ìlú kò tú, torí ilé iṣẹ́ ìwé ti wà níbẹ̀, igi kékeré sì tó ìwé ṣe. Kò dìgbà tí páìnì bá lo 200 ọdún.