Kí ẹ tó béèrè irú kámẹ́rà, ẹ béèrè ẹni tó gbé e dání

Ìbéèrè tí àwọn kọ́sítọ́mà máa ń kọ́kọ́ bi àwa kámẹ́ráman ni "kámẹ́rà wo lẹ ń lò?" Mo mọ ìdí ẹ̀, owó yín ni, ẹ gbọ́dọ̀ mọ ohun tí ẹ ń sanwó fún. Àmọ́ tó bá jẹ́ dókúméńtárì lẹ fẹ́ ṣe, bóyá ìtàn ìdílé yín, àbí ẹ fẹ́ kí Bàbá sọ tẹnu wọn sílẹ̀ kí ara tó di ara àgbà jù, inú kámẹ́rà kọ́ niṣẹ́ wà.

Ẹ jẹ́ n fi ará Jámánì kan ṣàlàyé. Jörg Schmidt-Reitwein ni, wọ́n bí i ní 1939, ó kú ní 2023, òun ló gbé kámẹ́rà nínú ọ̀pọ̀ fíìmù tí Werner Herzog ṣe. Herzog làwọn èèyàn mọ̀, bó ṣe máa ń rí fún wa náà nìyẹn, dáírẹ́kítọ̀ ló ń gba orúkọ. Ojú ọkùnrin yìí ti rí nǹkan o. Ní 1961, wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ ògiri Berlin tó pín ìlú náà sí méjì ni, ó fẹ́ yọ ọ̀rẹ́bìnrin ẹ̀ jáde ní East Germany, ọwọ́ tẹ̀ ẹ́, ó di ẹlẹ́wọ̀n. Herzog máa ń sọ pé bọ́tà tó kún wágọ́nù rélùwéè kan ni wọ́n fi pààrọ̀ ẹ̀ nígbà tó yá, èmi ò sí níbẹ̀ o. Ó tún ní ìgbà tí wọ́n jọ dé Cameroon, wọ́n tún tì wọ́n mọ́lé torí orúkọ kámẹ́ráman yìí jọ ti jagunjagun kan tí ìjọba ibẹ̀ ń wá.

Fíìmù oníróòlù ni wọ́n ń lò láyé ìgbà yẹn. Róòlù 16mm (fíìmù tí fífẹ̀ ẹ̀ jẹ́ mìlímítà 16) tó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 400, bíi mínìtì 11 ló máa ń gbà, tó bá ti tán, ẹ ó yọ ọ́, ẹ ó ki òmíì sí i, ohun tó bá ṣẹlẹ̀ kí ẹ tó parí ìyẹn ti lọ nìyẹn. Nítorí náà kò sí pé a kàn ń ká gbogbo nǹkan sílẹ̀, ká wá lọ ṣà á nílé.

Fíìmù kan wà tí wọ́n ṣe ní 1971 lórí Fini Straubinger, obìnrin tí kò ríran, tí kò sì gbọ́ràn. Ọwọ́ làwọn tó rí báyìí fi ń sọ̀rọ̀, wọ́n á máa tẹ àtẹ́lẹwọ́ ara wọn, ibi tẹ́ẹ bá ti fọwọ́ kàn lẹ́tà tó wà níbẹ̀, kámẹ́rà sì ń wo àwọn ọwọ́ yẹn bí ìgbà téèyàn ń wo ojú ẹni tó ń sọ̀rọ̀. Nígbà tó kù díẹ̀ kó parí, ọkùnrin kan tóun náà ò ríran tí kò gbọ́ràn dìde láàárín àwọn tó jókòó, ó ń lọ ní tiẹ̀, ó kọlu igi, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í fọwọ́ wo igi náà, ìdí ẹ̀, ẹ̀ka ẹ̀, díẹ̀díẹ̀. Ẹnikẹ́ni nínú wa ì bá dúró ti àwọn tó ń sọ̀rọ̀, torí pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà, àbí? Schmidt-Reitwein tẹ̀ lé e, kò sì sáré gé e. Ibi tí mo ti mọ̀ pé ọ̀gá ni nìyẹn.

Ní 1976, wọ́n ní òkè tó ń yọ iná ní erékùṣù Guadeloupe fẹ́ bú gbàù, wọ́n kó bíi 70,000 èèyàn kúrò nítòsí ẹ̀, àwọn mẹ́ta wá gbé kámẹ́rà wọ ibẹ̀, Schmidt-Reitwein, Herzog, àti Ed Lachman, kámẹ́ráman ará Amẹ́ríkà. Kò bú bí wọ́n ṣe rò. Ohun tí mo rántí jù ni iná tráfíìkì tó ṣì ń ṣiṣẹ́ ní títì tí kò sí mọ́tò kan, wọ́n gbájú mọ́ ọn, ẹ̀rù á bà yín ju èéfín lọ.

Slow motion ńkọ́? Ẹ wo fídíò òde àríyá wa, ìyàwó ń jó, slow motion, owó ń já, slow motion, ìrẹsì nínú àwo pàápàá! Lọ́dọ̀ tiwọn ní 1974, Walter Steiner ará Switzerland ni wọ́n lò ó fún, ẹni tó ń fi ski, pákó gígùn tí wọ́n ń so mọ́ ẹsẹ̀, fò láti orí òkè yìnyín ní Planica, tó wà ní Slovenia báyìí. Kí nǹkan tó lè lọ díẹ̀díẹ̀ bẹ́ẹ̀, fíréèmù, ìyẹn àwòrán, púpọ̀ lẹ gbọ́dọ̀ yà; tẹ́ẹ bá ń ya 400 ní sẹ́kọ́ńdì kan, róòlù ẹsẹ̀ bàtà 400 yẹn á tán ní sẹ́kọ́ńdì 40 péré. Ta ló máa fi ìyẹn ya ìrẹsì?

Schmidt-Reitwein tún lọ ya àwọn Wodaabe ní Niger, fíìmù yẹn jáde ní 1989, àwọn Fúlàní Bororo tá a mọ̀ náà ni. Àwọn ọ̀dọ́kùnrin wọn ló ń kun ojú, wọ́n á tò lọ́wọ̀ọ́wọ́, wọ́n á máa yí ẹyinjú, wọ́n á ṣíyín kí àwọn obìnrin lè yàn. Kámẹ́rà dúró ti ojú wọn pẹ́ débi pé ẹ ò ní lè fi wọ́n rẹ́rìn-ín mọ́.

Tẹ́ẹ bá fẹ́ gba èèyàn síṣẹ́, ẹ má jẹ́ kó fi fídíò tí wọ́n ti gé, tí wọ́n ti fi orin sí, hàn yín nìkan. Ẹ ní kó mú bíi mínìtì 5 tí kò tíì gé wá. Ẹ wò ó bóyá ó ń súùmù lọ súùmù bọ̀, bóyá ó máa ń pa kámẹ́rà gbàrà tí èèyàn bá dákẹ́. Tó bá jẹ́ fóònù lẹ fẹ́ fi ya Bàbá fúnra yín, ẹ fẹsẹ̀ yín súnmọ́ wọn, ẹ má súùmù, tí wọ́n bá sì dákẹ́, ẹ jẹ́ kó ṣì máa ká lọ, torí ẹ̀yìn ìdákẹ́ yẹn ni wọ́n máa ń sọ ohun tí wọn ò tíì sọ fẹ́nì kankan.