Ṣé Róòmù Ló Ń Kọ́ Ṣọ́ọ̀ṣì Àgùdà?

Bí èèyàn bá dúró níwájú ṣọ́ọ̀ṣì Àgùdà ńlá ní Boston tàbí New York, kò ní pẹ́ tí ẹnìkan yóò fi sọ pé, "Owó Póòpù nìyẹn." Wọ́n á ní Róòmù ló ya àwòrán ilé náà, Róòmù ló sanwó rẹ̀. Irọ́ ni. Ó sì máa ń dùn mí tí mo bá gbọ́ ọ, nítorí òógùn àwọn tálákà ló wà nínú ògiri yẹn.

Ẹ wo Patrick Keely, tó ya àwòrán ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀ṣì Àgùdà ní Amẹ́ríkà. Ọmọ Thurles ní Ireland ni, ọdún 1816 ni wọ́n bí i. Ó dé Brooklyn ní New York lọ́dún 1842, iṣẹ́ káfíńtà ló sì fi ń jẹun. Kò sí yunifásítì tó ń kọ́ni ní yíya àwòrán ilé ní Amẹ́ríkà nígbà náà. Ní MIT, ilé ẹ̀kọ́ gíga tó kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ náà níbẹ̀, ọdún 1868 ni kíláàsì àkọ́kọ́ tó wáyé. Fádà Sylvester Malone, ọmọ Ireland bíi tirẹ̀, ń wá ẹni tí yóò ya ṣọ́ọ̀ṣì fún ìjọ rẹ̀ ní Williamsburg, káfíńtà yìí ló gbé iṣẹ́ náà fún. Láti ìgbà náà ni àwọn fádà àti bíṣọ́ọ̀bù ti ń ránṣẹ́ pè é, títí tó fi kú lọ́dún 1896. Ṣọ́ọ̀ṣì tí wọ́n kà sí i lọ́rùn fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 600. Bí ọ̀pọ̀ wọn ṣe jọra wọn, pẹ̀lú fèrèsé olórí ṣóńṣó, ló ń mú kí àwọn kan rò pé Róòmù ló fi àwòrán ránṣẹ́. Ọwọ́ ẹnìkan náà ni wọ́n ń rí.

Ní Boston, Keely ló ya kàtídírà Holy Cross, ìyẹn ṣọ́ọ̀ṣì àgbà ti bíṣọ́ọ̀bù, tí wọ́n ṣí lọ́dún 1875. Tí ẹ bá ń ti ẹnu ọ̀nà wọ inú rẹ̀, àwọn bíríkì kan wà lára ògiri tó tẹ̀ bí ọrun lókè ibẹ̀ tó yẹ kí ẹ dúró wò. Inú òkìtì àlàpà ni wọ́n ti ṣà wọ́n: ilé àwọn sísítà ní Charlestown, tí àwọn jàǹdùkú tó kórìíra ìjọ Àgùdà dáná sun lọ́dún 1834. Ta ló máa fi irú bíríkì bẹ́ẹ̀ ránṣẹ́ láti Róòmù?

Ní ti owó, nígbà tí Bíṣọ́ọ̀bù Àgbà John Hughes fẹ́ bẹ̀rẹ̀ kàtídírà St. Patrick's ní New York lọ́dún 1858, ńṣe ló tọ àwọn olówó ìlú lọ, kí ẹnì kọ̀ọ̀kan dá 1,000 dọ́là. Owó gbẹ, iṣẹ́ dúró, ogun abẹ́lé tún dé. Ọdún 1879 ni wọ́n tó ṣí i. James Renwick tó yà á kì í tilẹ̀ ṣe ọmọ ìjọ Àgùdà.

Òfin ìjọ fúnra rẹ̀ kò fi ọ̀rọ̀ yìí pamọ́. Nínú ìwé òfin ọdún 1983, bíṣọ́ọ̀bù kò gbọdọ̀ fọwọ́ sí ṣọ́ọ̀ṣì tuntun àfi tó bá rí i pé ohun tí wọn yóò fi kọ́ ọ kò ní wọ́n wọn. Bíṣọ́ọ̀bù ìlú ni òfin náà gbé ọ̀rọ̀ yẹn lé lọ́wọ́.

Keely ya kàtídírà tó tóbi gan-an fún Brooklyn, ìlú tó ń gbé. Wọ́n fi ìpìlẹ̀ rẹ̀ lélẹ̀ lọ́dún 1868. Owó kò tó, ògiri rẹ̀ kò sì ga ju díẹ̀ lọ kí iṣẹ́ tó dúró. Lọ́dún 1931 ni wọ́n wó ohun tó kù, wọ́n sì kọ́ ilé ìwé Bishop Loughlin síbẹ̀.