Owó Iṣẹ́ Tí A Ti Ṣe Kì í Bá Iṣẹ́ Lọ

Ẹni tí wọ́n dá dúró ní ilé-iṣẹ́ kan ní Ṣágámù lọ́jọ́ 18 oṣù sábà máa ń gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu géètì: "Wọ́n ti lé ẹ, owó wo lo tún ń bèèrè?" Ọ̀pọ̀ ló ń gbà á gbọ́, wọ́n á di ẹrù wọn, wọ́n á wọ mọ́tò lọ sílé. Irọ́ ni, ó sì ti gba oúnjẹ lẹ́nu ọ̀pọ̀ ọmọ.

Ẹ wo káàdì alájọ ní ọjà Òkè-Ajé, Ìjẹ̀bú-Òde. Aláta ń dá owó lójoojúmọ́, alájọ ń fi bírò fa igi sínú àpótí kéékèèké. Bí wọ́n bá jà lọ́jọ́ 18, igi 18 ti wà nínú káàdì. Alájọ lè ní òun ò ṣe mọ́, á yọ owó ọjọ́ kan tó jẹ́ tiẹ̀, àmọ́ ìjà kò lè gbé ìyókù mì. Bákan náà ni ọjọ́ iṣẹ́ ṣe rí lọ́wọ́ ọ̀gá. Alájọ tiẹ̀ sàn ju ọ̀gá lọ, torí ó ń fúnni ní káàdì mú lọ sílé. Ìwé tí òṣìṣẹ́ ń fọwọ́ sí láàárọ̀, ọ̀dọ̀ máníjà ló ń sùn. Ìdí nìyẹn tó fi yẹ kéèyàn máa fi fóònù ya ojú ìwé náà, kó sì tọ́jú àlẹ́ẹ̀tì bánkì gbogbo.

Wọ́n ní ó jalè ńkọ́? Bó bá tiẹ̀ jóòótọ́, owó nótíìsì, ìyẹn owó tí ọ̀gá ń san bí kò bá kìlọ̀ ṣáájú kó tó dá èèyàn dúró, ló pàdánù. Owó ọjọ́ 18 ṣì wà níbẹ̀. Òfin Iṣẹ́ ilẹ̀ Nàìjíríà, tó wà fún àwọn tó ń fi agbára ṣiṣẹ́ àti àwọn akọ̀wé, kò gbà kí ọ̀gá dá yọ owó ẹrù tó bàjẹ́ tàbí tó sọnù. Òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ kọ̀wé gbà á láyè.

Owó nótíìsì yàtọ̀. Ẹni tó ti lo oṣù mẹ́ta kọjá àmọ́ tí kò tíì pé ọdún méjì, ọ̀sẹ̀ kan. Ọdún méjì sí márùn-ún, ọ̀sẹ̀ méjì. Ọdún márùn-ún sókè, oṣù kan, àfi bí àdéhùn bá fún un ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ó kéré jù fún ẹni tó ti fi ọdún mẹ́wàá gbẹ́rù. Síbẹ̀, òun ni iléeṣẹ́ aládàáni sábà máa ń san bí wọn kò bá fún èèyàn ní nótíìsì. Àwọn tó ń retí owó oṣù gbogbo tí wọ́n fi jókòó sílé, ọ̀nà òṣìṣẹ́ ìjọba tí òfin dáàbò bo iṣẹ́ wọn ni wọ́n ń wò.

Kí ẹnikẹ́ni má gbé e lọ sí tẹ́ṣàn. Òfin Ọlọ́pàá ọdún 2020 kò gbà kí wọ́n mú èèyàn lórí àdéhùn tó yẹ̀. Lẹ́tà ni ká kọ́kọ́ kọ sí ọ̀gá, ká ka ọjọ́ àti iye owó sínú rẹ̀. Bó bá dákẹ́, ó di ọ́fíìsì ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ní Abẹ́òkúta. Lẹ́yìn náà, Kóòtù Àpapọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́.