Iná ló ń sọ ìyá àgbà di àjẹ́

Tí wọ́n bá fi òṣèrébìnrin tó ti dàgbà ṣe àjẹ́ nínú fíìmù Yorùbá, àwọn òǹwòran a ní, "Ojú ẹ̀ ló bá a mu." Irọ́ ni. Ibi tí wọ́n gbé iná sí ló bá a mu.

Ẹ wo ọgbà ilé kan ní Ìkòròdú, irú èyí tí àwọn eléré máa ń háyà fún lokéṣọ̀n. Ìyá kan jókòó sórí àpótí, ó wé gèlè. Tí iná bá ti òkè wá, òjìji a bọ́ sábẹ́ imú àti àgbọ̀n, níbi tí ojú wa ti mọ̀ ọ́n sí. Ìyá àgbà tó ń retí ọmọọmọ rẹ̀ nìyẹn. Ẹ wá gbé iná kan náà sílẹ̀, kó máa tàn bọ̀ láti ìsàlẹ̀ àgbọ̀n: òjìji á gòkè, gbogbo ibi tí awọ ti hunjọ á yọ bí ebè oko tuntun. Ìyá ò tíì sọ̀rọ̀ o! Ẹdítọ̀ á wá fi igbe òwìwí sí i, á jẹ́ kí ẹ̀rín rẹ̀ máa dún léraléra. Ẹ pa ohùn rẹ̀, ìyá tó ń rẹ́rìn-ín lásán lẹ máa rí.

Owó ló fà á. Síìnì díẹ̀ ni wọ́n máa ń kọ fún àgbàlagbà, àyè àlàyé ò sí. Ewú orí rẹ̀ ló ń ṣàlàyé ìdí tí nǹkan ò fi lọ déédéé fún ọmọ inú eré. Kò sẹ́ni tó ń béèrè ohun tí ìyá rí lọ́bẹ̀ tó fi waaro ọwọ́.

Ní 2018, Sola Sobowale, tó ti lé lọ́mọ ọdún 50, ni olórí eré nínú fíìmù King of Boys tí Kemi Adetiba darí. Eniola Salami tó ṣe níbẹ̀ burú ju ọ̀pọ̀ àjẹ́ lọ, àmọ́ a mọ ohun tó ń wá: ipò òṣèlú ni. Ìkà tó ní ìdí ni.

Àtúnṣe ni, àmọ́ ọ̀dọ̀ àwọn olówó inú eré ló ṣì mọ. Ìyá tó ń ta ẹja yíyan ní ọjà Sábó, tó mọ gbogbo ẹni tó jẹ ẹ́ lówó àti irọ́ tí kálukú ń pa, kì í ní ju pé kó gbowó lọ́wọ́ olórí eré, kí kámẹ́rà sì bá oníbàárà lọ. Eré tó bá tẹ̀ lé e lọ gba gbèsè yẹn ò lè wọ́n tó eré ọba àti ogun tí gbogbo àwọn eléré ń lé kiri báyìí.