Òṣómàáló inú ààrò: bí pasítà tí wọ́n kó adìẹ àti ẹ̀fọ́ sí nínú ṣe ń jinná

Bí wọ́n ṣe ń rẹ́ àlùbọ́sà àti bí wọ́n ṣe ń bọ adìẹ kò gba àlàyé. Ẹni tó bá ti dáná ọbẹ̀ rí n'Íléṣà ti mọ ìyẹn. Ibi tí ọ̀rọ̀ wà ni inú ààrò, láàárín ìgbà tí wọ́n bá ti ilẹ̀kùn rẹ̀ àti ìgbà tí wọ́n bá ṣí i. Níbẹ̀ ni pasítà ilé kan ti ń jáde ní odindi, tó rọ̀, tí ọbẹ̀ sì rọ̀gbà yí i ká, tí ti ilé kejì, tí wọ́n fi èròjà kan náà sè, á jáde ní wẹ́lẹwẹ̀lẹ, omi á sì wà nísàlẹ̀ abọ́ bí ìgbà tí òjò bá rọ̀ sínú rẹ̀.

Pasítà tí wọ́n ń lò ni èyí tó tóbi tó sì ní ihò nínú. Àwọn ará Ítálì ń pe ọ̀kan ní conchiglioni, èyí tó túmọ̀ sí ìkarahun ńlá, ó sì jọ ọ́ lóòótọ́: bí ìkarahun ìgbín kékeré tó lanu sókè. Òmíràn ni cannelloni, tó rí bí ọ̀pá fèrè. Níbi tí kò bá ti sí èyíkéyìí lórí àtẹ, èèyàn lè fi lasagna pẹlẹbẹ ká bí ẹní, tàbí kó po fúláwà 100 gíráàmù mọ́ ẹyin kan, kó yí i pẹlẹbẹ, kó sì gé e. Òfin kan náà ló de gbogbo wọn: wọn kò gbọ́dọ̀ tíì jinná tán kí wọ́n tó wọ ààrò.

Òfin ọ̀hún ni ọ̀pọ̀ èèyàn ń rú. Wọ́n gbà pé pasítà gbọ́dọ̀ jinná dénú lórí iná kí wọ́n tó kó adìẹ sí i, pé iṣẹ́ ààrò kò ju kó mú orí rẹ̀ pọ́n lọ. Ó yé èèyàn ibi tí èrò yẹn ti wá. Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ṣe ń se makaróní àti sùpàgẹ́tì nílé: wọ́n á sè é, wọ́n á sẹ́ ẹ, wọ́n á bu ọbẹ̀ lé e, ó parí. Ṣùgbọ́n oúnjẹ tó ń padà sínú ooru fún ogójì ìṣẹ́jú, pẹ̀lú ọbẹ̀ lábẹ́ àti lórí rẹ̀, kò tíì parí síse.

Pasítà inú páálí jẹ́ àlìkámà tí wọ́n ti gba omi ara rẹ̀. Omi tó ṣẹ́ kù sí i kò ju bí 12 nínú 100 lọ. Bí wọ́n bá se 250 gíráàmù rẹ̀ títí tó fi rọ̀, tí wọ́n sì gbé e lé ìwọ̀n, á ti lé ní 500. Ìyẹn ni pé ó ti fa omi tó ju ìdá mẹ́rin lítà kan lọ. Kò lè jinná láìgba omi yẹn, kò sì bìkítà ibi tó ti máa gbà á, ì báà jẹ́ nínú ìkòkò, ì báà jẹ́ nínú ọbẹ̀, ì báà jẹ́ lára ẹran.

Ará Iléṣà ti ní orúkọ fún irú ẹni bẹ́ẹ̀: Òṣómàáló. Àwọn oníṣòwò aṣọ ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà láyé àtijọ́ ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀. Wọ́n á ru aṣọ lọ sí ìlú onílùú, wọ́n á tà á láwìn, bí ọjọ́ owó bá sì pé, wọ́n á padà wá lóṣòó sí ojúlé onígbèsè: òṣòó ni màá ló títí n ó fi gba owó mi. Ìlóṣòó yẹn gan-an ni pasítà tí kò tíì jinná tán ń ló nínú abọ́. Bí wọ́n bá ti bọ̀ ọ́ kọjá ìdajì, wọ́n ti san ju ìdajì gbèsè lọ, ó sì wá lóṣòó sínú ọbẹ̀ funfun, ìyẹn ọbẹ̀ mílíìkì, bọ́tà àti fúláwà, láti gba ìyókù. Bí ọbẹ̀ náà bá ṣàn dáadáa, á san án wẹ́rẹ́, àlàáfíà á jọba. Bí ọbẹ̀ bá ki bí àmàlà ńkọ́? Pasítà kò ní sọ pé ó dọ̀la. Adìẹ ló wà nítòsí, adìẹ ló máa san án. Ìdí tí ẹran inú rẹ̀ fi máa ń gbẹ nìyẹn, tí alásè á máa dá ààrò lẹ́bi pé ooru rẹ̀ pọ̀ jù.

Bí wọ́n bá sì ti san gbogbo gbèsè lórí iná, Òṣómàáló ti gbowó, ó ti dìde. Ẹ̀fọ́ á wá tú omi tirẹ̀ jáde nínú ooru, kò ní sí ẹni tó máa gbà á. Omi náà á ṣàn lọ sísàlẹ̀ abọ́, pasítà tó ti yó á sì máa rà nínú rẹ̀. (Ó tọ́ ká gbèjà àwọn bàbá wa díẹ̀ níbí: Òṣómàáló gidi mọ ẹni tó jẹ ẹ́, kì í gbowó lọ́wọ́ aládùúgbò. Pasítà kò ní ìwà tó bẹ́ẹ̀.)

Nítorí náà, bí ẹ̀yìn páálí bá ní kí wọ́n se é fún ìṣẹ́jú 12, kí wọ́n gbé e kalẹ̀ ní ìṣẹ́jú 8. Bí wọ́n bá fi ọ̀bẹ gé ọ̀kan, ìlà funfun tẹ́ẹ́rẹ́ kan gbọ́dọ̀ ṣì wà láàárín rẹ̀. Ìlà yẹn ni ibi tí omi kò tíì dé. Nígbà yẹn, 250 gíráàmù á ti di nǹkan bíi 400, ìyókù gbèsè kò sì ju omi ife tíì kékeré kan lọ. Ó tún ní àǹfààní mìíràn: pasítà tó ṣì le díẹ̀ kì í ya nígbà tí wọ́n bá ń ki nǹkan bọ̀ ọ́ lẹ́nu. Èyí tó bá ti rọ̀ tán, bí wọ́n bá ti fi ṣíbí kàn án, ó ti fàya.

Àṣìṣe kan tó jẹ́ ọmọ ìyá èyí ni òróró tí wọ́n ń dà sínú omi kó má baà lẹ̀ mọ́ra. Òróró ń léfòó, pasítà wà nísàlẹ̀, àwọn méjèèjì kì í fi bẹ́ẹ̀ pàdé. Omi tó pọ̀ àti rírò ní ìṣẹ́jú méjì àkọ́kọ́, nígbà tí ara rẹ̀ ń lẹ̀ bí àtè, ni kì í jẹ́ kó lẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ lo òróró lè fi pa á lára lẹ́yìn tó bá ti sẹ́ ẹ tán.

Ọbẹ̀ funfun ni wọ́n máa ń fi dẹ́rù ba èèyàn, bẹ́ẹ̀ sì rèé, ọmọ ilé ògì ni. Ìyẹ̀fun inú fúláwà àti ti inú ògì, ìwà kan náà ni wọ́n ń hù. Nínú omi tútù, ńṣe ló máa ń rọ̀ sísàlẹ̀, bí ògì ṣe ń tòrò tí omidùn á wà lókè. Bí ooru bá ti kọjá nǹkan bí 60 lórí ìwọ̀n Sẹ́síọ́ọ̀sì, hóró rẹ̀ kọ̀ọ̀kan á bẹ̀rẹ̀ sí í mu omi, á wú, á bẹ́, gbogbo rẹ̀ á sì ki. Ṣé èèyàn rántí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ bí wọ́n bá da omi gbígbóná lu ògì tí wọn kò kọ́kọ́ fi omi tútù pò? Ó ń dì ní kókó. Ara kókó náà ló ti jinná, ló dì, tí kò jẹ́ kí omi ráyè dé inú rẹ̀, inú rẹ̀ á sì gbẹ bí èlùbọ́. Àwa ń fi omi tútù ya àwọn hóró ògì nípá kí ooru tó dé bá wọn. Àwọn tó ń se ọbẹ̀ funfun ń fi bọ́tà yọ́ ṣe iṣẹ́ kan náà: wọ́n á da fúláwà sínú rẹ̀, wọ́n á rò ó fún ìṣẹ́jú kan tàbí méjì, ọ̀rá á bo hóró kọ̀ọ̀kan, wọn kò ní lè lẹ̀ mọ́ra mọ́, wọ́n á wá máa da mílíìkì lé e díẹ̀díẹ̀. Ọgbọ́n tiwa rọrùn ju tiwọn lọ, kò sì ná owó bọ́tà, ṣùgbọ́n bọ́tà ń dùn.

Fún pasítà 250 gíráàmù, mílíìkì 750 mìlílítà, bọ́tà 45 gíráàmù àti fúláwà 45 gíráàmù ṣe déédéé. Mílíìkì agolo tí wọ́n fi omi ìwọ̀n kan náà là dára, omi adìẹ náà sì lè rọ́pò díẹ̀ nínú rẹ̀. Kó hó díẹ̀ kí adùn fúláwà tútù lè kúrò. Ní báyìí, ọbẹ̀ náà á jọ ẹ̀kọ mímu tí wọ́n là fún aláìsàn, á máa ṣàn kúrò lára ṣíbí. Ibí ni ọwọ́ ń yún ọ̀pọ̀ alásè. Wọ́n á wò ó, wọ́n á ní kò ki, wọ́n á tún fọ́n fúláwà sí i. Kí wọ́n fi í sílẹ̀ o! Ẹni tó máa gba owó rẹ̀ kò tíì dé.

Ti inú rẹ̀ ló kù, omi náà sì ni ẹjọ́ ibẹ̀. Nínú ẹ̀fọ́ tó wà ní ọjà Àtàkúnmọ̀sà, gbúre ló lómi jù, kò sì yẹ iṣẹ́ yìí rárá. Ṣọkọ sàn jù ú lọ fíìfíì. Kí wọ́n bọ̀ ọ́ fẹ́rẹ́, kí wọ́n fún un, kí wọ́n tún un fún, nítorí iyọ̀ tí wọ́n máa fi sí i lẹ́yìn náà ṣì máa fa omi jáde lára rẹ̀. Tàtàṣé, àlùbọ́sà àti kárọ́ọ̀tì tí wọ́n rẹ́ wẹ́wẹ́ ń fẹ́ díndín bí ìgbà tí wọ́n bá ń dín ata, títí tí omi á fi gbẹ, tí òróró á sì yọ.

Adìẹ tó ti yé ẹyin títí tó fi ṣíwọ́, tí àwọn ọlọ́jà ń pè ní old layer, gba ká sè é pẹ́ kó tó rọ̀, ṣùgbọ́n omi rẹ̀ dùn, ẹran rẹ̀ sì ń fara da ooru ẹ̀ẹ̀kejì ju bróílà lọ. Kí wọ́n já a wẹ́wẹ́, kí wọ́n sì fi ṣíbí ọbẹ̀ funfun mélòó kan pò ó, kó má baà jẹ́ òun ni pasítà máa lóṣòó tì.

Wàrà tí àwọn obìnrin Fúlàní ń ru kiri ń ṣe iṣẹ́ tí àwọn ará Ítálì ń gbé fún ricotta, irú wàrà tiwọn. Oje bòmubòmu ni wọ́n fi ń mú kó dì, kì í sì í yọ́ nínú ooru. Nítorí náà, kí wọ́n má fọ́n ọn sórí pé kó yọ́ bíi ṣíìsì. Inú ni kí wọ́n fọ́ ọ sí, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti fún omi rẹ̀ dànù.

Tító wọn sínú abọ́ kò lóògùn: ọbẹ̀ díẹ̀ nísàlẹ̀, pasítà lórí rẹ̀, ìyókù ọbẹ̀ títí tí yóò fi bo gbogbo etí. Etí tó bá yọ síta kò rí nǹkan gbà, á gbẹ bí èékánná. Ooru 180, fọ́ìlì lórí fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, lẹ́yìn náà kí wọ́n ṣí i fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Níwọ̀n ìgbà tí nǹkan bá ṣì tutù fún omi, ooru ara rẹ̀ kò lè kọjá 100, bẹ́ẹ̀ pípọ́n ń fẹ́ tó 140. Ìdí tí wọ́n fi ń bò ó nìyẹn kí gbèsè tó tán, tí wọ́n sì ń ṣí i kó lè pọ́n. Ilé tí kò bá ní ààrò gáàsì lè lo ìkòkò ńlá tí wọ́n da yanrìn gbígbẹ sí nídìí, kí wọ́n gbé abọ́ lé e, kí wọ́n sì kó èédú sórí ọmọrí fún pípọ́n. Wọ́n kúkú ń kì wá pé Ìjẹ̀ṣà kò rídìí ìṣáná, ilé lọmọ Ọwá ti ń múná roko.

Ohun tí kò dára lára ìlànà ẹ̀yìn páálí ni pé ìṣẹ́jú nìkan ni wọ́n ń kọ síbẹ̀. Pasítà kò mọ aago. Ìbá dára kí wọ́n kọ iye omi tó ń fẹ́ síbẹ̀, alásè á mọ bó ṣe máa pín in láàárín ìkòkò àti ọbẹ̀.

Bó bá jáde, kí wọ́n fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ẹ̀kọ gbígbóná ń ṣàn, ẹ̀kọ tó tutù ń dúró nínú ewé. Ọbẹ̀ funfun náà ń dì bó ṣe ń lọ́ wọ́ọ́rọ́, pasítà á sì ṣeé bù ní odindi. Èyí tó bá kù di ọjọ́ kejì á ti le gbandi nínú fíríìjì, ọbẹ̀ rẹ̀ á sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Òṣómàáló tún ti lóṣòó. Kí wọ́n wọ́n mílíìkì ṣíbí méjì tàbí mẹ́ta sí i, kí wọ́n bò ó, kí wọ́n tó gbé e padà sórí iná.