Bí Superman ṣe kọ́ fífò nínú kàtúùnù

Nígbà tí Superman kọ́kọ́ jáde nínú ìwé ìtàn aláwòrán ní 1938, kì í fò bí ẹyẹ. Ńṣe ló máa ń bẹ́ gìjà. Ní 1941, Paramount, ilé iṣẹ́ sinimá Amẹ́ríkà kan, gbé e fún Max àti Dave Fleischer, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò tí ilé iṣẹ́ wọn wà ní Miami, láti fi ṣe kàtúùnù. Bíbẹ́ yẹn kò wuyì lójú sinimá. Wọ́n gbàṣẹ kó máa fò, ìwé náà sì gbà á lọ́wọ́ wọn.

Nínú kàtúùnù, àwòrán 24 ló ń kọjá lójú wa ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ayàwòrán á fi pẹ́ńsùlù yà á, ẹlòmíì á dà á kọ sórí ike tó mọ́ gaara, wọ́n á kun ẹ̀yìn rẹ̀, wọ́n á tẹ́ ẹ lé àwòrán ìlú, kámẹ́rà á wá yà á lọ́kọ̀ọ̀kan. Tí ọwọ́ bá yẹ̀ díẹ̀ báyìí, ara èèyàn á máa gbọ̀n. Max ti wá nǹkan ṣe sí ìyẹn: rotoscope, ẹ̀rọ tó gba ìwé ẹ̀tọ́ lé lórí ní 1917. Wọ́n á ya fíìmù èèyàn gidi, wọ́n á tan án sábẹ́ gíláàsì, ayàwòrán á sì máa tọ ìlà ara rẹ̀. Ìyẹn dára fún ìrìn. Ṣùgbọ́n èèyàn wo ni wọ́n fẹ́ rí tó ń fò? Ojú inú ni wọ́n fi ya ìyẹn, òjìji dúdú tí wọ́n fi sára rẹ̀ ló sì jẹ́ kó dà bí ẹran ara.

Fíìmù 17 ló jáde títí di 1943. Mẹ́jọ tó kẹ́yìn, ilé iṣẹ́ Famous, tí Paramount fi rọ́pò ti Fleischer, ló ṣe é. Ogun Àgbáyé Kejì ti wọ inú àwọn fíìmù náà nígbà yẹn. Japoteurs jáde ní 1942, ọdún tí ìjọba Amẹ́ríkà ń kó àwọn tó jẹ́ ìran Japan nílùú wọn lọ sí àgọ́, fíìmù náà sì sọ wọ́n di ọ̀tá tó fara sin. Nínú Jungle Drums, ọmọ ogun Násì ti Jẹ́mánì fara pamọ́ sínú igbó, àwọn èèyàn dúdú ibẹ̀ ni wọ́n ní kó dáná sun Lois Lane, obìnrin akọ̀ròyìn inú ìtàn Superman. Ọgbọ́n ọwọ́ náà pọ̀, ṣùgbọ́n ìwọ̀sí ni wọ́n fi yà wá.

Kò sẹ́ni tó tún ẹ̀tọ́ àdàkọ àwọn fíìmù náà gbà lẹ́yìn ọdún 28, nítorí náà ẹnikẹ́ni lè ṣe ẹ̀dà wọn. Bí wọ́n ṣe tàn kálẹ̀ nìyẹn. Àwọn tó ṣe kàtúùnù Batman ti 1992 kọ́ òkùnkùn àti òjìji lára wọn, Hayao Miyazaki, ará Japan tó ń ṣe kàtúùnù, náà sì mú ìrísí róbọ́ọ̀tì kan níbẹ̀.